Wọ́n Fi Mí Ṣe Léà

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 2 Oṣù Kẹjọ 2025

Wọ́n fi mí ṣe Léà. Jẹ́ kí n tún un kọ, bóyá ojú mi á gbà á gbọ́. Wọ́n fi mí, èmi Bọ́látitó, ṣe Léà!

Jesse ló fà á. Òun ni olórí àwa ọ̀dọ́ tó ń ṣeré ní ṣọ́ọ̀ṣì wa. Ọ̀gá Káàtì ni mo ń pè é, torí kò mọ nǹkan kan ju kó pariwo "káàtì!" lọ. Ó ní eré tuntun tí a máa fi fóònù yà, tí a máa gbé sórí ayélujára, ni ti Jákọ́bù nílé Lábánì — àmọ́ ti ayé ìsinsìnyí. Lábánì di oníkòkó ní Ìgbàrà-Òkè. Jákọ́bù di ọlọ́kadà. Ó wá ń wò wá níkọ̀ọ̀kan, ta ni yóò ṣe Rákélì arẹwà. Ojú rẹ̀ ò tíì dé ọ̀dọ̀ mi tó ti gúnlẹ̀ sára Kéèkì.

Kéèkì ni Peculiar, ọmọ Àǹtí Mojísọ́lá, àbúrò ìyá mi tó kú lọ́dún méjì sẹ́yìn. Láti Oǹdó ni wọ́n ti mú un wá sọ́dọ̀ wa ní oṣù kẹfà. Ó fi ọdún kan jù mí lọ, ìyá mi sì ní kí n máa pè é ní Sìsítà. Mo kọ̀. Kéèkì ni. Tí wọ́n bá ti gbé kéèkì wọlé, ta ló tún ń wo ìrẹsì?

"Rákélì rèé!" Ọ̀gá Káàtì pariwo bí ẹni tó wa góòlù. Ó wá yíjú sí mi. "Tító, ìwọ ni Léà. Ìbòjú lo máa wọ̀, o ò ní sọ̀rọ̀ púpọ̀."

Ìbòjú! Èmi! Egbèje ọdún ni mo ti ń ṣeré fún ìjọ yẹn. (Ọdún mẹ́ta. Bákan náà ni.)

Ọjọ́ Àìkú, 3 Oṣù Kẹjọ

Kéèkì wọ gáùn yẹ́lò lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì. Aludùùrù gbàgbé orin. Mo fi Ọlọ́run ṣẹ̀rí.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 5 Oṣù Kẹjọ

Ìjọba ni mo ń pe ìyá mi. Ó ń ṣiṣẹ́ ìjọba ní Alágbàká, tó bá sì délé, iṣẹ́ ìjọba náà ló tún ń bá lọ. Bàbá mi wà ní Àbújá. Kérésì là ń rí i.

Ìjọba ní ahọ́n méjì. Èkíní ni Yorùbá tí wọ́n fi ń ka ìròyìn lórí rédíò, òun ló fi ń bá àlejò sọ̀rọ̀. Èkejì ni ti Àkúrẹ́. Tí o bá ti gbọ́ tó pe ilé ní "ulé", má dúró bèèrè, máa sá.

Kéèkì ò gbọ́ "ulé" rí. Rédíò ni tirẹ̀ láti àárọ̀ dalẹ́. "Peculiar, ọmọ dáadáa, tó bá rọ̀ ọ́ lọ́rùn, bá mi gbé omi yẹn wá." Tó bá rọ̀ ọ́ lọ́rùn! Orí ẹja pàápàá, orí ẹja tó jẹ́ tèmi láti ọjọ́ tí mo ti hu eyín, inú àwo rẹ̀ ló ń bọ́ sí.

Lónìí ló wá fọ́ àwo búlúù. Àwo ìgbéyàwó Ìjọba, tí èmi ò gbọdọ̀ mí sí. Gbàà! Mo sáré wá wòran. Mo ti ń ká ọwọ́ mi pọ̀ fún adùn. Ìjọba wo ilẹ̀. Ó wo Kéèkì. Ó ní, "Kò burú, ọmọ mi. Àwo ṣáà ni."

Tó bá jẹ́ èmi ni, wọn ì bá ṣì máa ṣa egungun mi lójú títì títí di Ìdànrè.

Ìwà Kéèkì ló tún yà mí lẹ́nu. Ó dúró bí ẹni tí wọ́n gbá létí. Ojú àánú ló ń ṣe. Ó mọ eré í ṣe ju bí mo ṣe rò lọ.

Ọjọ́bọ̀, 7 Oṣù Kẹjọ

A ya eré. Mi ò lè purọ́ sí ìwé mi: ọgbọ́n wà lórí Ọ̀gá Káàtì. Níbi ìdána, a máa ń kọ́kọ́ mú ẹlòmíì tó bojú jáde fún ọkọ, ká fi ṣe yẹ̀yẹ́, kí ọkọ ní "tèmi kọ́ nìyí." Nínú eré wa, Lábánì mú Léà tó bojú jáde, Jákọ́bù rò pé yẹ̀yẹ́ yẹn ni, ó ń rẹ́rìn-ín, ó ń jó. Kí ó tó mọ̀, wọ́n ti gbàdúrà, wọ́n ti ṣe àmín, wọ́n ti fà á lé e lọ́wọ́.

Ilẹ̀ wá mọ́. Ayọ̀kúnlé tó ń ṣe Jákọ́bù ṣí ìbòjú mi. Ó yẹ kí n sunkún. Ohun tí wọ́n kọ fún mi nìyẹn: Léà sunkún. Ẹnu mi ò gbà. Mo ní:

"Ẹ káàárọ̀ o, ọkọ mi. Ọdún méje lẹ fi wò ó, ẹ ò sì mọ gíga rẹ̀?"

Ayọ̀kúnlé ṣubú sílẹ̀ fún ẹ̀rín. Ọ̀gá Káàtì pariwo káàtì, fóònù ń gbọ̀n lọ́wọ́ rẹ̀. Kéèkì ló rẹ́rìn-ín ju gbogbo wọn lọ, ó ń nu omi ojú. Ó tún wá lẹ́wà sí i. Ọ̀ràn!

Ọjọ́ Àìkú, 10 Oṣù Kẹjọ

Eré ti jáde. Ẹgbẹ̀rún lọ́nà ogójì ènìyàn ti wò ó! (Iye tó wà níbẹ̀ gan-an nìyẹn, mi ò fi iyọ̀ sí i.)

Gbogbo Ọ̀bà-Ilé, ìlú wa, di onímọ̀ Bíbélì. Ẹnì kan kọ ọ́ síbẹ̀ pé agbọkọlọ́kọ ni Léà. Ẹlòmíì láti Ilu-Abo ní kí wọ́n ti Lábánì mọ́lé. Àwọn bàbá méjì ń jà níwájú ilé wa lórí bóyá ó yẹ kí Jákọ́bù gba kòkó rẹ̀ padà — kò sì sí kòkó nínú Bíbélì! Sherifat, ọ̀rẹ́ mi tó ń lọ sí mọ́ṣáláṣí, bi mí pé, "Ṣé Jákọ́bù ò lè ní kí ìyàwó sọ̀rọ̀ kó gbọ́ ohùn rẹ̀ ni?" Òun nìkan lọgbọ́n ń bẹ lórí rẹ̀. Bọ́láwálé tó ṣe Lábánì sì lọ ra àkàrà, ìyá alákàrà ní, "Gbé owó ẹ, bàbá burúkú. Ọmọ bíbí inú ẹ!"

Kéèkì ńkọ́? "Rákélì! Rákélì wa!" Láti ilé dé kànga. Ọlọ́kadà gbé e lọ́fẹ̀ẹ́. Ọlọ́kadà kan náà wò mí, ó ní, "Léà, ìbòjú ẹ dà?"

Mo lálàá pé mò ń fi ọwọ́ jẹ kéèkì. Mo jẹ ẹ́ tán pátá.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 12 Oṣù Kẹjọ

Mo ti ti ilẹ̀kùn kí n tó kọ èyí.

Ojú ìwé ẹgbẹ́ wa lórí ayélujára wà lórí fóònù tèmi àti ti Kéèkì, torí Ọ̀gá Káàtì ní kí àwa méjèèjì máa dá àwọn ènìyàn lóhùn. Mo ṣí i láàárọ̀ yìí. Láàárín àwọn iṣẹ́ tí wọ́n rán sí wa, tí a ò tíì kà, tí lẹ́tà wọn dúdú kirikiri, ọ̀kan wà tí kò dúdú. Mo tẹ̀ ẹ́.

Ìyáàfin Májẹ́kódùnmí. Oǹdó. Wọ́n ń ṣe fíìmù. Fíìmù gidi, tí kámẹ́rà rẹ̀ tóbi ju orí mi lọ. Ìtàn Náámánì adẹ́tẹ̀ ni wọ́n fẹ́ ṣe, wọ́n sì ń wá ọmọbìnrin tó máa ṣe ẹrú inú ilé Náámánì, èyí tó la ẹnu tí ọ̀gá rẹ̀ fi rí ìwòsàn. Wọ́n ní kí ẹni tó ṣe Rákélì wá ní Sátidé, aago mẹ́wàá, kí àwọn wò ó.

Ẹni tó ṣe Rákélì.

Ẹrú yẹn ò ní ẹwà nínú Bíbélì o! Mo ti wò ó. Ẹnu ló ní. Ẹnu! Ta ló lẹ́nu nínú ilé yìí?

Kò sẹ́ni tí mo sọ fún. Ṣebí Lábánì fi Léà rọ́pò Rákélì, Ọlọ́run ò sì sọ ààrá sí i. Bíbélì ni mò ń tẹ̀ lé.

Ọjọ́ Ẹtì, 15 Oṣù Kẹjọ

Kéèkì fi áyọ́ọ̀nù lọ gáùn yẹ́lò, ó gbé e kọ́ ẹ̀yìn ilẹ̀kùn. Ó ní orí ń fọ́ òun, òun ò ní jáde lọ́la. Èṣù fúnra rẹ̀ ló tẹ́ ẹní yìí fún mi.

Mo sọ fún Ìjọba pé mò ń lọ sí ibi ìgbáradì eré.

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 16 Oṣù Kẹjọ

Oǹdó. Gáùn yẹ́lò fún mi lápá. Mo jókòó láàárín ìyá kan àti àpò gàrí, mo ń ka ohun tí màá sọ sínú.

Ìyáàfin Májẹ́kódùnmí fi okùn so jígí ojú kọ́rùn. Wọ́n wò mí láti orí dé ẹsẹ̀.

"Ìwọ ni Rákélì?"

"Èmi ni, mà."

"Ojú rẹ yí padà."

"Ìpara ni, mà. Ènìyàn mọ́kànlélógún ló kùn mí lójú nínú eré yẹn."

Wọ́n bọ́ jígí. Wọ́n rẹ́rìn-ín títí wọ́n fi di àga mú. "Ilẹ̀ ti mọ́, Léà," wọ́n ní. "Ẹ káàárọ̀ o."

Mo fẹ́ kí ilẹ̀ lanu. Wọn ò lé mi. Wọ́n ní níwọ̀n ìgbà tí mo ti gbé ara mi dé, kí n kà. Mo kà á. Mo kà á bí ẹni pé èmi ni wọ́n jí gbé kúrò nílé bàbá mi, tí mo sì ṣì ń ṣàánú ẹni tó rà mí. Nígbà tí mo ṣe tán, wọn ò rẹ́rìn-ín mọ́.

Wọ́n wá ní, "Mi ò tíì yan ẹnikẹ́ni. Sátidé tó ń bọ̀, kí ìwọ àti Rákélì jọ wá, kí àgbà kan sì bá yín wá. Màá gbọ́ yín lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara yín. Tí o bá dá wá, Léà, mi ò ní ṣílẹ̀kùn."

Lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wa! Èmi lẹ́gbẹ̀ẹ́ kéèkì!

Ọjọ́ Àìkú, 17 Oṣù Kẹjọ

Mi ò sọ.

Ọjọ́ Ajé, 18 Oṣù Kẹjọ

Mi ò tíì sọ. Mo mú Bíbélì Ìjọba, mo ń wá ibi tí Léà ti ń jowú, kí n lè rí ẹni tí a jọ wà nínú ọkọ̀ kan náà. Mi ò rí i. Mo ka Jẹ́nẹ́sísì lọ, mo kà á bọ̀. Ohun tí mo rí ni pé Rákélì ni wọ́n ní ó ń ṣe ìlara ẹ̀gbọ́n rẹ̀. Rákélì! Arẹwà! Torí pé Léà ní ọmọ, òun ò ní.

Gbogbo ayé ti sọ ọ́ sódì fún mi.

Kí wá ni mo ní tí Kéèkì ò ní? Mo kà á: rorẹ́ mẹ́rin, ẹsẹ̀ ńlá. Ó tán. Mo sùn.

Ọjọ́rú, 20 Oṣù Kẹjọ

À ń ṣẹ́ ẹ̀gúsí ní ẹ̀yìnkùlé. Ìjọba ò tíì dé. Mo kàn là á mọ́lẹ̀: iṣẹ́ tí wọ́n rán, Oǹdó, gáùn, gbogbo rẹ̀.

Kéèkì ò gbójú sókè. "Mo mọ̀," ó ní.

"O mọ kí ni?"

"Èmi ni mo kọ́kọ́ kà á. Láti Mọ́ńdè ọ̀sẹ̀ yẹn. Kí lo rò pé mo lọ gáùn fún? Ojú rẹ ti jí i tán lọ́jọ́ tí mo kọ́kọ́ wọ̀ ọ́."

Iṣẹ́ tí kò dúdú yẹn! Ẹnì kan ti kà á kí n tó ṣí i; mo rí i, mo sì fò ó dá.

Mo bi í pé kí ló dé tí kò fi lọ fúnra rẹ̀. Ó ní òun ò tíì lè wọ ọkọ̀ tó ń lọ sí Oǹdó. Ibẹ̀ ni wọ́n sin ìyá òun sí. Ó tún ní èmi ni mo lẹ́nu, ojú òun nìkan làwọn ènìyàn ń wò, wọn ò gbọ́ ohun tí òun ń sọ. Ó ṣẹ́ ẹ̀gúsí bíi mẹ́wàá. Lẹ́yìn náà ló wá sọ èyí. Màá kọ ọ́ bó ṣe sọ ọ́:

"Nígbà tí mo fọ́ àwo yẹn, mo ń retí kí Màmá pariwo. Ìyá mi ì bá ti pariwo dé ọ̀run. Màmá wá ní, ‘Kò burú, ọmọ mi.’ Bí wọ́n ṣe ń bá àlejò sọ̀rọ̀. Ìwọ ni wọ́n ń pariwo mọ́, Tító. Mo máa ń dúró lẹ́yìn ilẹ̀kùn kí n lè gbọ́ ọ. Mo ń jowú rẹ gan-an."

Èmi tí mo lẹ́nu. Ọwọ́ ni mo lò. Mo gbé igbá ẹ̀gúsí tirẹ̀, mo bá a ṣẹ́ ẹ tán.

Ọjọ́ Ẹtì, 22 Oṣù Kẹjọ

A sọ fún Ìjọba.

Èmi ni mo sọ ọ́. Mo fi òjò sí i, mo fi táyà ọkọ̀ tó bẹ́ sí i, kó lè ṣàánú mi. Kò ṣàánú mi. Ahọ́n rédíò parẹ́. Ulé báyìí, ulé báyẹn, ulé òun tí mo fẹ́ tú ká! Àwọn aládùúgbò ti fèrèsé wọn.

Kéèkì wá ní, "Ẹ má bínú sí i, mà. Mo mọ̀. Èmi ni mo jẹ́ kó lọ."

Ìjọba yíjú sí i. Mo rí i tí "ọmọ dáadáa" dé ètè rẹ̀. Mo rí i tí ó gbé e mì.

"Ìwọ náà! O mọ̀, o dákẹ́! Tí ọkọ̀ yẹn bá ti dànù ńkọ́? Kí n wá sọ kí ni fún Mojísọ́lá lọ́run? Ṣé ẹ fẹ́ pa mí sínú ulé mi ni? Ẹ kúnlẹ̀! Ọwọ́ sókè! Ẹ̀yin méjèèjì!"

A kúnlẹ̀. Ó ní òun á bá wa lọ sí Oǹdó lọ́la, a ó kọ́kọ́ yà síbi tí Àǹtí Mojísọ́lá wà, àmọ́ a ò ní dìde lórí ìkúnlẹ̀ yìí títí ọbẹ̀ fi máa jinná.

Mo yọ́jú wo Kéèkì. Omi ń dà lójú rẹ̀, imú rẹ̀ pọ́n, ètè rẹ̀ wú. Fún ìgbà àkọ́kọ́ láti oṣù kẹfà, kò lẹ́wà rárá. Ó sì ń rẹ́rìn-ín.

"Ẹ̀rín lo ń rín, Peculiar? Nínú ulé mi? Nawọ́ yẹn dáadáa!"

Ó na ọwọ́ méjèèjì sókè, tààrà, bí ẹni tó ń yin Ọlọ́run.

Tèmi ti ń ro mí. Kò sì sẹ́ni tó ń wò mí. Èmi nìkan ni wọ́n ti ń pariwo mọ́ nínú ilé yìí látọjọ́ tí wọ́n ti bí mi. Kí n má purọ́ fún ìwé mi — mo jowú díẹ̀.