Wáyà Tí Bàbá Rẹ Fà Lẹ́ẹ̀mẹta

Ondrej ọmọ mi,

Ṣé òtútù Filadẹ́fíà ò mú ọ jù? Ọlọ́run ò ní jẹ́ ká gbọ́ ìròyìn burúkú nípa ara wa. Èmi ìyá rẹ ni mò ń sọ̀rọ̀, Hanka àbúrò rẹ ló ń kọ ọ́, ó fajú ro bí ẹni tí wọ́n ní kó lọ wa èédú.

Ṣé o rántí Prosser tó ń ta rédíò? Nígbà tí tẹlifíṣọ̀n dé, kò rí ẹyọ kan tà, torí òkè dí wa, kìkì ohun funfun tó ń jà wìrìwìrì bíi yìnyín là ń rí nínú rẹ̀. Ló bá gbé irin tó ń gba àwòrán gun orí òkè, ó fi wáyà fa àwòrán wá sílé oníkálukú. Ara igi ló kọ́kọ́ so wáyà mọ́, ọ̀kẹ́rẹ́ ń gé e jẹ. Ní báyìí ó ti ri òpó, ìlú méje ló ń fún ní àwòrán, ó kọ orúkọ sára ọkọ̀ rẹ̀. Ohun tí ò yé mi ni bí odindi ẹṣin tí à ń wò ṣe ń gba inú wáyà tín-ín-rín kọjá tí kò há. Mo bi Prosser, ó ní Ìyá Ondrej, ẹ sáà máa wò.

Nígbà tí o kọ̀wé pé ẹgbẹ́ akọrin yín máa kọrin nínú tẹlifíṣọ̀n lọ́jọ́ Ìsinmi, mo sunkún. Ọdún mẹ́ta tá ò ti fojú kàn ọ́! Mo se píróhì, mo fi ọ̀dùnkún sínú rẹ̀ bí o ṣe fẹ́ràn rẹ̀, mo gbé àwo tìrẹ síwájú tẹlifíṣọ̀n. Mo ní kí bàbá rẹ fá irùngbọ̀n, bóyá o lè rí wa láti ọ̀hún. Ìyá Jurko aládùúgbò wa ní mo ti ń ya wèrè, òun tó ń kí ọkùnrin tó ń ka ìròyìn lálaalẹ́!

Bí ẹ ṣe tò sórí ìlà, àwòrán bẹ̀rẹ̀ sí í gbọ̀n. Bàbá rẹ ní eré tí wọ́n fi ń sọ̀ yín kalẹ̀ nínú wáyà ti pọ̀ jù. Ìwọ náà mọ̀ pé nínú kòtò èédú, wọ́n á fa wáyà lẹ́ẹ̀mẹta kí ẹni tó di ẹ̀rọ mú lókè lè mọ̀ pé èèyàn ló wà nínú àpótí irin tó ń sọ̀ kalẹ̀, kó rọra. Ló bá jáde, ó fa wáyà Prosser lẹ́ẹ̀mẹta. Ẹ̀ẹ̀kẹta ló já. Tẹlifíṣọ̀n gbogbo àdúgbò kú fin-ín. Àwọn ará àdúgbò ń pariwo mọ́ bàbá rẹ pé Matúš, ṣé ìwọ ni wọ́n gbà síṣẹ́ ọ̀kẹ́rẹ́ ni?

Látìgbà náà kò jẹun. Ó ń bi mí ṣáá pé ṣé ẹ̀yin tí ẹ wà nínú wáyà jáde láyọ̀. Ìwọ náà mọ ohun tó ṣe àbúrò rẹ̀ nínú kòtò, tí wọ́n fi eré sọ̀ kalẹ̀ tí kò sì jáde mọ́.

Jọ̀ọ́, fi owó díẹ̀ ránṣẹ́ ká fi tún wáyà Prosser ṣe. Ṣùgbọ́n ìwọ fúnra rẹ, má gba inú wáyà mọ́, bọ́ọ̀sì ni kó o wọ̀. Ẹsẹ̀ rẹ ò ní kọ̀ láàárín ọ̀nà.

Ìyá rẹ.

Ẹ̀gbọ́n, Mama ò mọ̀ nípa èyí, èmi Hanka ni. Èmi ni mo jókòó sún mọ́ tẹlifíṣọ̀n jù. Kí wáyà tó já, mo rí yín, ní ìlà kejì, ẹ ti rù, ẹ ń wolẹ̀. Wọ́n bi mí, mo ní mi ò rí nǹkan kan. Bàbá ò jẹun, èmi náà ò lè jẹun. Ṣùgbọ́n tí mo bá ní mo rí yín, ọkàn wọn á balẹ̀, kò sẹ́ni tó máa pè yín wálé mọ́. Àwo yín ṣì wà níwájú tẹlifíṣọ̀n. Mi ò ní gbé e kúrò.