Ajubọ́ọ̀lù Àyálò ní Río Manso

Ọjọ́ Ajé, ọjọ́ kẹta oṣù Kejì
Wọ́n ti já wa. Ìdajì ìdíje péré, Santa Olaya ti di òǹwòran. Ọdún mẹ́sàn-án tí mo ti ń ju bọ́ọ̀lù fún wọn nínú eré béésìbọ́ọ̀lù, kí ọ̀tá tó di igi mú má bàa rí i gbá, bákan náà ni. Dalgis — Oyin mi — ní kí n má banú jẹ́, pé màá ráyè wá bá bàbá òun sọ̀rọ̀ ìgbéyàwó ní Río Manso. Èmi? Bá Baba Abinú sọ̀rọ̀? Ọkùnrin tó búra pé ọmọ Santa Olaya kankan ò ní fẹ́ ọmọ òun, àgàgà èyí tó dójú ti ẹgbẹ́ àwọn lẹ́ẹ̀mẹta láàárín ọdún kan. Ẹ̀ẹ̀mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ló dùn mọ́ mi, mi ò ní purọ́.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, ọjọ́ kẹrin
Òní ni àwọn ẹgbẹ́ tó kù ń ṣa èèyàn yá láàárín àwa tí wọ́n já. Aṣọ ni mò ń sá nígbà tí rédíò pe orúkọ mi: Osniel Caballero, ọlọ́wọ́ òsì. Ta ló mú mi? Río Manso! Ìyá mi sunkún, ó rẹ́rìn-ín, ó ní kí n máa lọ, ṣùgbọ́n n kò gbọdọ̀ wọ aṣọ wọn wọ ilé òun.

Ọjọ́ Ẹtì, ọjọ́ keje
Aṣọ pupa. Ó yẹ mí ju tiwa lọ. Kí ìyá mi má rí ìwé yìí o.

Ọjọ́ Àìkú, ọjọ́ kẹsàn-án
A borí. Ẹ̀gbọ́n — apá òsì mi nìyẹn — ṣe bí ọmọ ogún ọdún. Àwọn ọ̀tá wa ń di igi mú, wọ́n ń gbá afẹ́fẹ́ lásán, wọ́n ń padà lọ jókòó. Wilber tó ń hán bọ́ọ̀lù mi ní Baba Abinú wà lábẹ́ igi ní páàkì láàárọ̀, níbi tí àwọn àgbà ti ń jiyàn bọ́ọ̀lù. Wọ́n ń yìn mí, òun ní, "Ẹ rọra o. Ẹ̀wù àyálò kì í yẹni. Bí ò bá fún ni lápá, á ṣo ni lẹ́sẹ̀." Látìgbà náà, Àyálò ni gbogbo ìlú ń pè mí.

Ọjọ́bọ̀, ogúnjọ́
Baba Abinú ránṣẹ́ pè mí wá jẹun! Ìrẹsì ẹlẹ́wà dúdú, awọ ẹlẹ́dẹ̀ tó ń ró kẹ̀kẹ̀ lẹ́nu. Ó ń tẹ apá mi wò bí ẹni fẹ́ ra ewúrẹ́. Mo ní, "Bàbá, ọ̀rọ̀ kan wà tí mo fẹ́ bá yín sọ." Ó ní òun mọ̀ ọ́n. Río Manso ò gba ife rí láyé. "Gba ife fún mi, kó o mú ọmọbìnrin náà lọ. Bí o ò bá gbà á, bọ́ọ̀sì Santa Olaya ń bẹ ní gáréèjì." Oyin ń rẹ́rìn-ín nínú kíṣìnì. Ohun tó ń pa á lẹ́rìn-ín ò yé mi.

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, ọjọ́ kìíní oṣù Kẹta
Ẹ̀gbọ́n ń ro mí. N ò sọ fẹ́nì kankan.

Ọjọ́rú, ọjọ́ kejìlá
A ti dé àṣekágbá! Agẹrun ò gba kọ́bọ̀ lọ́wọ́ mi. Ìyá arúgbó kan fẹnu ko Ẹ̀gbọ́n láàárín ọjà. Baba Abinú fọwọ́ ara rẹ̀ bu kọfí fún mi, ó sì fi ṣúgà sí i. Inú mi dùn débi pé mo jó nínú ilé ìwẹ̀.

Ọjọ́ Ẹtì, ọjọ́ kejìdínlọ́gbọ̀n
A ti borí lẹ́ẹ̀mẹta, àwọn náà ti borí lẹ́ẹ̀mẹta. Eré Ọjọ́ Àìkú ló máa sọ ẹni tó gba ife. Oyin ti lọ ra bàtà ìgbéyàwó. Ó há a lẹ́sẹ̀, ó ní á rọ̀.

Ọjọ́ Àìkú, ọgbọ̀njọ́
A pàdánù. Èmi ni mo fà á.

Ọjọ́ Ajé, ọjọ́ kọkànlélọ́gbọ̀n
Ẹ jẹ́ n kọ ọ́ kó kúrò lọ́kàn mi. Àmì ayò kan la fi ń ṣáájú, ó ku ẹnì kan ṣoṣo tí mo ní láti lé padà kí eré parí. Ọ̀tá wa kan ń dúró sẹ́yìn mi, ó ń retí àtisáré wálé kó gba ayò. Wilber ní kí n jù ú sí ìsàlẹ̀, mo jù ú sókè. Ọmọkùnrin tó di igi mú gbá a kọjá ògiri, bọ́ọ̀lù já sínú oko ìrèké. Àwọn méjèèjì sáré wálé, ife lọ. Mo jókòó sílẹ̀ níbi tí mo wà, mo sunkún bí ẹni ọ̀fọ̀ ṣẹ̀.

Láàárọ̀ yìí mo di ẹrù mi, mo lọ sí gáréèjì. N ò lè wojú Oyin. Ibẹ̀ ni Baba Abinú bá mi. Kò fá irùngbọ̀n, ojú rẹ̀ pọ́n. Ó jókòó tì mí.

"Níbo lò ń lọ?"

"Ilé ni, Bàbá. Ẹ ti sọ ọ́ tẹ́lẹ̀."

"Mo mọ ohun tí mo sọ." Ó fa báàgì mi mọ́ra. "Àtìgbà tí mo ti wà lọ́mọdé ni ẹgbẹ́ yìí ti ń pa mí lẹ́kún. Bí wọ́n bá borí, ẹnikẹ́ni lè bá wọn yọ̀. Àmọ́ lánàá, mo wò ọ́ bó o ṣe ń sunkún nílẹ̀ níbẹ̀. Ẹni tí a yá kì í sunkún báyẹn. Tiwa ni ọ́. Dìde, ìyá Dalgis ti gbé ìrẹsì kaná."

Òun ló gbé báàgì mi. Ó sì ń bú mi títí a fi délé: ta ló ní kí n ju bọ́ọ̀lù yẹn sókè, ṣé etí mi di ni, ṣé Wilber kì í ṣe èèyàn ni? Ó ti fi ìgbéyàwó sí oṣù Kẹfà. Ó ní nígbà yẹn, kò sí bọ́ọ̀lù.