Orin tí Wọ́n Fi Ti Ọmọ Mi Mọ́lé

Bíríkìlà, ọ̀rẹ́ mi àtàtà,

Mo kí ọ, mo kí ìyàwó, mo kí àwọn ọmọ. Ṣé orúnkún rẹ ti ń jẹ́ kí o gun àkàbà? Ara tèmi le, ọpẹ́ ni. Jókòó kí o tó kà á, ọ̀rọ̀ yìí kọjá orí ìdúró.

Àbígbẹ̀yìn mi bọ́ sọ́wọ́ ọlọ́pàá lọ́sẹ̀ tó kọjá. O mọ̀ pé ilé búrẹ́dì ló ti ń ṣiṣẹ́, tó bá sì ti ṣíwọ́, orin tàkasúfèé tí wọ́n ń pè ní ráàpù ló kù. Ariwo lásán ni mo máa ń pè é. Yàrá ìyẹ̀fun wọn jóná láàárọ̀ ọjọ́ Ajé, ni ọ̀gá rẹ̀ bá gbé fóònù lọ sí àgọ́ ọlọ́pàá, ó sì tẹ orin ọmọ mi fún wọn, níbi tó ti ń sọ pé, "Mo dáná sun wọ́n, eérú ló kù." Wọ́n ní ó ti fẹnu ara rẹ̀ jẹ́wọ́.

Ẹ̀rù bà mí gan-an, mo sáré lọ bá a ní àgọ́ náà. Ẹnu àìmẹ́nu, ètè àìmétè, ní ń kó ọ̀ràn bá ẹ̀rẹ̀kẹ́. Mo ní kó ṣàlàyé ara rẹ̀. Ó ní àwọn ọ̀dọ́ àdúgbò tálákà kan lókè òkun ló bẹ̀rẹ̀ orin náà: ẹnì kan á máa yí àwo orin, ẹnì kejì á gba ẹ̀rọ gbohùngbohùn, á máa fọ́nnu. Báyìí gbogbo ayé ló ń kọ ọ́, àwọn àgbà ò sì yéé bú u. Ó ní lóòótọ́ làwọn kan ń fi sọ ìsọkúsọ sí obìnrin, òun ò sí nínú wọn. Àwọn olórin tó ń bá òun díje ni òun fi ẹnu "dáná sun", kì í ṣe ìyẹ̀fun ẹnikẹ́ni.

Ibẹ̀ ni mo ti fi ọ́ ṣe ẹlẹ́rìí. Mo sọ fún ọ̀gá ọlọ́pàá pé, "Ọgbọ̀n ọdún ni mo fi bá bíríkìlà kan ta dráfù. Ojoojúmọ́ ni mò ń sọ fún un pé mo ti pa á, mo ti sin ín, èmi káfíńtà náà ni mo kan pósí rẹ̀. Ẹ mú èmi náà." Ẹ̀rín pa ọkùnrin náà; àṣé òun náà ń ta á. Ó ní kí àwọn panápaná tún ibẹ̀ yẹ̀ wò dáadáa. Wáyà ló gbiná. Wọ́n fi ọmọ mi sílẹ̀ lọ́sàn-án ọjọ́ kejì, ọkàn mi sì balẹ̀ wọ̀ọ̀.

Bí a ṣe ń lọ sílé, ó ní, "Bàbá, ọdún mẹ́ta ni mo ti ń kọrin. Ọjọ́ tí wọ́n tì mí mọ́lé lẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ gbọ́ ọ." Mo di ọwọ́ rẹ̀ mú títí a fi délé.

Ọlọ́run ò ní fi ọ̀ràn ọmọ dán wa wò. Gbogbo òkè tí o bá gùn, wàá sọ̀ kalẹ̀ láyọ̀.

Èmi ni ọ̀rẹ́ rẹ tó ń nà ọ́ nínú dráfù,
Káfíńtà

Mo fẹ́rẹ̀ẹ́ gbàgbé: mo ti gbọ́ mọ́kànlá nínú orin rẹ̀. Èmi ló fi ọ̀kan bú láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Mo ní kó tún un kọ fún mi lẹ́ẹ̀mejì.