Tàtàṣé Tí Mo Fọwọ́ Mi Sun

Oak Park, Ṣìkágò
Oṣù Kejì, 1986

Ràhámọ̀tù àbúrò mi,

Àlàáfíà ni mo wà; ohun tí o máa sọ fún àwọn ará ilé nìyẹn. Tàwàkálítù, nọ́ọ̀sì tó ń gbé lókè wa, ló ń bá mi kọ̀wé yìí. Mo ní kó má yọ èébú kankan kúrò níbẹ̀.

Gàníyù ọmọ mi pe àwọn ọ̀gá ibi iṣẹ́ rẹ̀ wá jẹun. Mo sun tàtàṣé lórí iná gáàsì títí èèpo rẹ̀ fi dúdú, mo bó o. Mo yan ẹ̀pà, mo fi ìgò lọ̀ ọ́ mọ́ tàtàṣé náà títí ó fi kúnná, kí wọ́n lè fi jẹ búrẹ́dì. Ìka mi ṣì ń ta mí.

Bí àlejò ṣe dé, Gàníyù ní, "Màmá, ẹ lọ sinmi ní yàrá." Ẹ̀yìn ilẹ̀kùn ni mo ti gbọ́ tí ó ń sọ fún wọn pé ìyàwó òun ló ṣe é.

Mo jáde, mo gbé abọ́ náà kúrò níwájú wọn.

"Màmá, ẹ dójú tì mí!"

"Ìwọ tí o fi ìyá rẹ pamọ́ ńkọ́?"

Láti ọjọ́ náà ni kò ti bá mi sọ̀rọ̀. Ara mi le dáadáa.

Bá mi kí Sìmíátù. Má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni kó ẹrù sí yàrá mi.