Orúkọ Tó Wà Nínú Ìwé Yìgì Mi

Bàbá mi àtàtà,

Mo kí yín láti pálọ̀ yín ní Ìwó, lórí àga tí ẹ máa ń jókòó sí gé èékánná ní àárọ̀ Jímọ̀. Ẹ má bínú pé ẹjọ́ ni mo gbé wá. Mi ò mọ ẹlòmíràn tí mo lè rò ó fún, nítorí ẹ̀yin lẹ dá a sílẹ̀, èmi ni mo sì dákẹ́ títí ó fi ta gbòǹgbò.

Ẹ rántí ọjọ́ tí wọ́n so yìgì wa. Ẹ wà nínú mọ́sálásí, èmi wà níta láàárín àwọn obìnrin, à ń gbọ́ gbogbo rẹ̀ látinú gbohùngbohùn. Lèmọ́mù ní kí ẹ dárúkọ ọmọ tí ẹ fẹ́ fà lé Gàníyù lọ́wọ́. Ẹ gbóhùn sókè, ẹ sì dárúkọ Múlíkátù, ẹ̀gbọ́n mi tó ti kú kí wọ́n tó bí mi.

Mo mọ bó ṣe ṣẹlẹ̀. Lẹ́yìn ìrun àsùbá lójoojúmọ́, ẹ máa ń dárúkọ àwa ọmọ yín méjèèjì sínú àdúà, orí Múlíkátù lẹ sì ti máa ń bẹ̀rẹ̀, torí ẹ gbà pé òkú nílò àdúà ju alààyè lọ. Ahọ́n yín kàn gba ọ̀nà tó mọ̀ ni.

Ṣùgbọ́n èmi, kí ló dé tí mi ò pariwo? Ọ̀rẹ́ mi fi ìgbọ̀nwọ́ gún mi, mo dorí kodò. Àwọn kan ti ń sọ lẹ́yìn yín pé iyè yín ti ń ra, mi ò sì fẹ́ kí wọ́n fi yín ṣẹ̀sín lọ́jọ́ ayọ̀ yín. Mo ní ṣebí gbogbo ayé ló mọ ìyàwó. Akọ̀wé mọ́sálásí ò mọ̀ mí rí, ohun tó gbọ́ ló kọ. Ẹ̀yin ò ka ìwé òyìnbó, ti kéwú nìkan lẹ mọ̀. Èmi tí mo kàwé, ayàwòrán ń pè mí, mo fọwọ́ sí i láì wò ó, mo sì tì í sísàlẹ̀ àpótí aṣọ.

Ẹ gbọ́ ìròyìn, Bàbá. Mo lóyún, ó ti pé oṣù mẹ́rin. Gàníyù náà ríṣẹ́ nọ́ọ̀sì lókè òkun, wọ́n sì ní ó lè mú ìyàwó rẹ̀ dání. Ọ̀sẹ̀ tó kọjá la yọ ìwé náà jáde láti gba físà. Mo ka orúkọ ìyàwó, Múlíkátù ni mo bá níbẹ̀. Ọjọ́ tí wọ́n dá fún wa ní Èkó ku ọjọ́ mẹ́jọ. Bí mi ò bá rí i ṣe, òun nìkan ló ń lọ, ọmọ yìí á sì dáyé kí bàbá rẹ̀ tó fojú kàn án.

Lèmọ́mù ní yìgì náà dúró, pé Ọlọ́run mọ ẹni tí ẹ ní lọ́kàn. Mo dúpẹ́, ṣùgbọ́n àwọn òyìnbó kì í ṣe Ọlọ́run, ohun tí a kọ ni wọ́n ń kà. Akọ̀wé ní ẹni tó fọmọ fọ́kọ nìkan ló lè tún ọ̀rọ̀ ara rẹ̀ sọ. Mo ní ẹ ti kú. Ó ní, "Ó di kóòtù nìyẹn, àǹtí."

Ní kóòtù, mo mú ìwé ẹ̀rí ikú yín kalẹ̀. Wọ́n béèrè ti Múlíkátù. Ọmọ ọdún mẹ́ta tí ibà pa lóko Kuta, tí wọ́n sin lọ́jọ́ kan náà, ta ló gbàwé fún un? Obìnrin tó ń tẹ̀wé wò mí láti òkè dé ilẹ̀. Ó ní, "Báwo la ṣe fẹ́ mọ̀ pé kì í ṣe Múlíkátù ló lọ́kọ? Kí ìyá tó bí i wá búra pé ó ti kú."

Màmá, Bàbá. Màmá tí wọn ò pe orúkọ yẹn mọ́ láti ọjọ́ tí ọmọ náà kú. Obìnrin ìsàlẹ̀ ilé wa tí gbogbo ènìyàn ń pè ní Ìyá Múlíkátù, Ìyá Ọlọ́ṣẹ ni Màmá ń pè é, bẹ́ẹ̀ ó ti tó ọdún mẹ́wàá tó ti ta ọṣẹ gbẹ̀yìn. Bí ẹ bá dé orí orúkọ náà nínú àdúà, wọ́n á dìde lọ gbé omi kaná. Kí àwọn wá gbọ́wọ́ lé Kùránì, kí wọ́n wí i lójú àjèjì?

Ọjọ́ mẹ́ta ni mo fi ń yí wọn po. Lónìí, lẹ́yìn ìrun àsárì, wọ́n ń ṣa ẹ̀wà, mo kúnlẹ̀, mo sọ ọ́. Wọ́n ṣa ẹ̀wà náà tán, wọ́n dà á sí ìkòkò, wọ́n wọ yàrá, wọ́n tilẹ̀kùn.

Irú ọmọ wo ni mí? Bí mo bá pariwo lọ́jọ́ yẹn, ṣebí ẹ̀rín lẹ máa rín, ẹ ó tún un sọ, á sì parí síbẹ̀? Ìtìjú ìṣẹ́jú kan ni mo bá yín yẹ̀. Ẹ wo orí ẹni tí mo wá gbé e kà.

Mo kọ ọ́ débí, mo dìde láti lọ bẹ̀ wọ́n pé kí wọ́n fi sílẹ̀, pé mi ò lọ mọ́. Mo gbọ́wọ́ sókè láti kan ilẹ̀kùn. Mo gbọ́ ohùn wọn. Mo rò pé ẹkún ni. Orúkọ náà ni wọ́n ń pè, díẹ̀díẹ̀, bí ọmọ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ wọ ilé kéwú. Mú. Múlí. Múlíkátù. Wọ́n á dákẹ́, wọ́n á tún bẹ̀rẹ̀. Wọn ò tíì dé ibi tí wọ́n á ti sọ pé ó kú.

Mi ò kan ilẹ̀kùn náà, Bàbá. Mo rọra padà wá jókòó. Mo fẹ́ kí wọ́n mọ̀ ọ́n pè kí ilẹ̀ ọ̀la tó mọ́.

Ẹ forí jì mí.

Èmi ọmọ yín tó fẹ́ràn yín, tí ojú ń tì.