Ọkọ Wa Kọ́, Ọkọ̀ Wa Ni

Ọmọ mi àtàtà,

Ṣé ara yín le, ṣé àwọn ọmọ ń jẹun dáadáa? Ẹsẹ̀ tí o fi jáde nílé wa kò ní kọ o. Bàbá rẹ ń kí ọ, òrùlé tó ń jò ti dákẹ́, ewúrẹ́ mi sì bí ìbejì.

Mo rí lẹ́tà rẹ gbà. O ní ọ̀gá rẹ ní kí n kọ ìwé ẹ̀bẹ̀ nítorí ọ̀dà tí mo kùn sára bọ́ọ̀sì tuntun yín, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀ n kò ní wọ̀ ọ́ wá kí yín mọ́. N kò kọ ọ́.

Àwọ̀ ewé tí ẹ fi kun gbogbo bọ́ọ̀sì yín kò bí mi nínú, ó dára bí aṣọ ilé ìwé. Mo fi káàdì owó ọkọ̀ yín han ẹ̀rọ ẹnu ọ̀nà, ó ké pìì, mo kí i pé ó ṣeun, kò tilẹ̀ dá mi lóhùn, mo ní wọn ò kọ́ ọ nílé ni. Àmì rìbìtì tí o yà, tí o ní ó dúró fún ìlú tó ń yí síwájú, ẹyin sísè ni mo pè é, mo sì yìn ọ́ bẹ́ẹ̀ náà.

Ṣùgbọ́n ta ló ní kí ẹ kọ ỌKỌ WA gàdàgbà sí i lẹ́gbẹ̀ẹ́? Àmì ohùn dò orí rẹ̀ dà? Tíṣà wa kọ́ wa pé ọkọ̀ là ń wọ̀, ọkọ là ń fẹ́. Láti ọjọ́ tí mo ti wọlé bàbá rẹ, obìnrin kankan kò bá mi pè é ní ọkọ wa rí, ojú mi sì rí nǹkan kó tó rí bẹ́ẹ̀. Mo wọnú bọ́ọ̀sì yín, obìnrin kún ibẹ̀ fọ́fọ́, ọ̀kan tó pọn ọmọ ní kí ìyálé òun sún díẹ̀, kí ìyàwó kékeré ríbi jókòó. Gbogbo ọkọ̀ bú sẹ́rìn-ín. Èmi, ìyálé! Bí a ṣe dé ibùdókọ̀, mo rí ẹnì kan tó ń kun géètì, mo tọrọ búrọ́ọ̀ṣì lọ́wọ́ rẹ̀, mo fi dò sórí Ọ kejì, ó gùn bí apá mi.

O ní ọ̀gá rẹ ní àmì náà ba ẹwà jẹ́, pé ó dà bí ẹrẹ̀ tó ta sí aṣọ funfun. Ẹwà tó ń fún obìnrin ní orogún, kó gbé e lọ sílé rẹ̀, kí ìyàwó rẹ̀ kọ́kọ́ rí i. Bàbá rẹ ń rẹ́rìn-ín, ó ní òun ò mọ̀ pé òun ti sanra títí òun fi ní táyà mẹ́fà. Kó máa rín in lọ.

Bí wọn ò bá jẹ́ kí n wọ̀ ọ́, màá fẹsẹ̀ rìn wá. Fi owó ọ̀dà funfun ránṣẹ́, àti ti búrọ́ọ̀ṣì tó fẹ̀, ọ̀kan péré ni mo tíì tún ṣe, wọ́n ní àwọn yòókù pọ̀ bí eèrà. Ọlọ́run yóò gbé ọ ga ju ọ̀gá rẹ lọ, ọwọ́ rẹ kò ní kọ ohun tí yóò dójú ti ìyá rẹ mọ́.

Èmi ni ìyá rẹ,
ìyàwó kan ṣoṣo tí bàbá rẹ ní.