Àwọn Àlejò Tí Kò Ya Fọ́tò

Eusebia, àbúrò mi ọ̀wọ́n,

Mo kí ọ, mo kí ọkọ rẹ àtàwọn ọmọ ní Buenos Aires. Òtútù orí òkè yìí kò dẹwọ́, àmọ́ orúnkún ìyàwó mi ti ń gbọ́ oògùn. Nínú àwọn ẹran ọ̀sìn wa, láámà funfun ti bímọ.

Lọ́jọ́ Ẹtì, mo bá Limbert ọmọ mi jókòó sínú ọkọ̀ tó fi ń mú àlejò ṣe ìrìn àfẹ́ ráńpẹ́ lórí pẹ̀tẹ́lẹ̀ iyọ̀. Ọkùnrin méjì tó gbé kò ya fọ́tò kankan. Ta ló ń dé ibí tí kì í ya fọ́tò? Níbi tí bàbá wa ti ń wa iyọ̀, wọ́n bu omi abẹ́ iyọ̀ sínú ìgò.

Mo ní, "Ṣé ẹ fẹ́ fi sebẹ̀ ni?"

Limbert rẹ́rìn-ín. "Bàbá, tíṣà lẹ jẹ́, ẹ kì í ṣe ọlọ́pàá o!"

Ọ̀kan nínú wọn bá bi mí pé, "Eusebia ńkọ́? Ṣé ó máa wálé lọ́dún yìí?" Èmi ò dárúkọ rẹ fún wọn. Limbert ò sì wojú mi mọ́.

Mo ṣẹ̀ ọ́ nígbà tí mo ta pápá ìjẹko bàbá wa láì bi ọ́. Ìwé tí mo kà ló ń gùn mí nígbà náà, ojú sì ń tì mí títí dòní. Mo rò pé ilẹ̀ iyọ̀ bàbá wa, tó kù fún àwa méjèèjì, ni wọ́n fẹ́ gbà báyìí. Jọ̀wọ́, má fọwọ́ sí ìwé kankan tí wọ́n bá fi ránṣẹ́ sí ọ, wálé fúnra rẹ. Kí Ilẹ̀, tí í ṣe Ìyá gbogbo wa, máa ṣọ́ ọ. Bí ẹnikẹ́ni bá ní mo ti fọwọ́ sí i, ìbáà ṣe Limbert, irọ́ ni.

Ẹ̀gbọ́n rẹ,
Fortunato